Ẹ Bi Wá, Ẹ Gbọ́ Èsì: Báwo ni Pokémon inú géèmù àtijọ́ ṣe máa dé inú tuntun?

Lẹ́tà lórí Pokémon ló gba gbogbo ojú ewé wa lóṣù yìí. Bí kálukú ṣe béèrè yàtọ̀ síra, ṣùgbọ́n ohun kan náà ló wà nídìí rẹ̀: ẹ̀dá tí mo mú nínú géèmù tó ti pẹ́, ṣé mo lè kó o lọ sínú èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde? Ẹ lè kó o. Wọ́n ní ọ̀nà kan ò wọ ọjà, àmọ́ ọ̀nà kan ṣoṣo ló wọ ọjà yìí, ẹnubodè sì wà lójú ọ̀nà náà tó jẹ́ pé ẹ̀dá tó bá ti kọjá níbẹ̀ kò lè padà sẹ́yìn mọ́. Nítorí náà, ẹ ka èsì tán kí ẹ tó tẹ bọ́tìnì kankan.

*Ẹ kú iṣẹ́ o. Kátíríìjì Sapphire tí mo ti ń gbá láti kékeré ṣì wà lọ́wọ́ mi, Swampert mi sì wà nínú rẹ̀ ní ìpele 100. Mo fẹ́ kó dé inú Violet tí àwọn ọmọ mi ń gbá lórí Switch. Kí ni mo máa rà, kí sì ni mo máa ṣe?* — Bàbá Tọ́lá, Peckham, London

Bàbá Tọ́lá, ẹ kú ìtọ́jú kátíríìjì. Swampert yín máa dé Violet, àmọ́ ẹnubodè mẹ́rin ló máa gbà kọjá kó tó dé inú Pokémon HOME, áàpù tó ń tọ́jú Pokémon tó sì ń gbé wọn wọ inú géèmù Switch, kò sì sí ọ̀kankan tí ẹ lè fò.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ wo irinṣẹ́. Ẹ nílò DS àkọ́kọ́ tàbí DS Lite, torí pé àwọn méjèèjì nìkan ló ní ihò tí kátíríìjì Game Boy Advance bíi Sapphire ń wọ̀. DSi kò ní in, 3DS náà kò ní in. Ẹ nílò káàdì géèmù DS kan lára Diamond, Pearl, Platinum, HeartGold tàbí SoulSilver, kí ẹ sì ní òmíràn lára Black, White, Black 2 tàbí White 2. Lẹ́yìn ìyẹn ni 3DS tàbí 2DS tí Pokémon Bank, áàpù tó ń tọ́jú Pokémon, àti Poké Transporter, èyí tó ń kó wọn wọ inú Bank, ti wà lórí rẹ̀ tẹ́lẹ̀ (ẹ ka ìbéèrè kẹrin nísàlẹ̀ kí ẹ tó náwó sí èyí), àti Switch tí HOME wà lórí rẹ̀. DS Lite kan àti 3DS kan ti tó fún gbogbo iṣẹ́ tó ṣáájú Switch, kí ẹnikẹ́ni má tà yín ní ẹ̀kẹta. Ọ̀rọ̀ èdè náà ṣe pàtàkì: tí Sapphire yín bá jẹ́ ti Gẹ̀ẹ́sì, ti Gẹ̀ẹ́sì náà ni Diamond tàbí èyíkéyìí tí ẹ bá rà gbọ́dọ̀ jẹ́. Ti Japan kò ní gba ẹrù lọ́wọ́ rẹ̀.

Inú Sapphire gan-an niṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dájú pé Swampert yín mọ Surf, ó sì ṣeé ṣe kó mọ Waterfall tàbí Strength. HM ni gbogbo wọn, ìyẹn ọgbọ́n ìjà tí a tún ń fi la ọ̀nà nínú géèmù, Pokémon tó bá sì mọ HM kan ṣoṣo, ẹnubodè àkọ́kọ́ kò ní gbà á. Mẹ́jọ ni wọ́n nínú Sapphire: Cut, Fly, Surf, Strength, Flash, Rock Smash, Waterfall àti Dive. Ẹ lọ sí Lilycove City, ẹ wá ilé Move Deleter, kó bá yín pa wọ́n rẹ́ lórí rẹ̀. Mẹ́fà mẹ́fà ni wọ́n ń kọjá, nítorí náà ẹ wá márùn-ún mìíràn tí wọn kò mọ HM tì í. Kódà kó jẹ́ Zigzagoon tí ẹ mú nínú koríko láàárọ̀ yìí, ó ti tó. Ẹ kó mẹ́fẹ̀ẹ̀fà sínú àpótí PC, ẹ má fi wọ́n sáàárín àwọn tó ń tẹ̀ lé yín káàkiri. Lẹ́yìn náà kí ẹ fi géèmù pamọ́.

Ó di inú Diamond. Pal Park ni ẹnubodè yìí ń jẹ́, ojú ọ̀nà Route 221 ló wà. Nínú HeartGold àti SoulSilver, Fuchsia City ni. Kò ní ṣí fún yín àfi tí ẹ bá ti gba National Dex, ìwé àkójọ Pokémon gbogbo agbègbè. Nínú Diamond àti Pearl, èyí túmọ̀ sí pé ẹ ti ṣẹ́gun nílé àwọn Elite Four, akọni mẹ́rin ìparí géèmù, ẹ sì ti *rí* Pokémon 150 ti Sinnoh, ilẹ̀ inú Diamond. Rírí ni wọ́n sọ, wọn kò sọ pé kí ẹ mú wọn. Ọ̀pọ̀ èèyàn ló ti ń sáré mú gbogbo wọn lásán. Nígbà tí National Dex bá ti dé ọwọ́, ẹ pa DS Lite, ẹ ki Diamond sí òkè, ẹ ki Sapphire sí ìsàlẹ̀, kí ẹ wá tàn án. Nínú àkójọ tó máa kọ́kọ́ jáde, kí ẹ tó wọ inú géèmù rárá, ẹ máa rí "Migrate from Sapphire". Ẹ yan mẹ́fẹ̀ẹ̀fà, ẹ gbà. Láti ìṣẹ́jú yẹn ni wọ́n ti kúrò nínú Sapphire títí láé. Ẹ wá rìn lọ sí Pal Park, kí ẹ fi Park Ball mú wọn níkọ̀ọ̀kan. Park Ball kì í tàsé, ṣùgbọ́n tí ẹ kò bá tíì mú mẹ́fẹ̀ẹ̀fà tán, ẹ kò lè kó mẹ́fà mìíràn wá. Diamond àti Pearl tún ní òfin tiwọn: láàárín wákàtí 24, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni kátíríìjì kan lè kó mẹ́fà wọlé. Bí ẹ bá sì yí aago DS síwájú láti fi tàn án jẹ, á mọ̀, á ní kí ẹ bẹ̀rẹ̀ ìdúró wákàtí 24 látìbẹ̀rẹ̀.

Ẹnubodè kejì ni Poké Transfer Lab, lójú Route 15 nínú Black tàbí White. Ẹ gbọ́dọ̀ ti parí ìtàn géèmù náà kí ẹ tó lè débẹ̀. Ibí ni ẹ̀rọ méjì ti wúlò: Diamond wà nínú DS Lite, Black wà nínú 3DS. Nígbà tí onímọ̀ inú ilé náà bá ti ní kí ẹ ṣètò ẹ̀rọ kejì, ẹ ṣí "DS Download Play" lórí DS Lite, kí ẹ má ṣí Diamond fúnra rẹ̀. Black ló máa fi ètò kékeré kan ránṣẹ́ gba afẹ́fẹ́ kọjá. Kò sí HM níbí náà. Tí ẹ bá ti kọ́ Swampert ní Surf padà nínú Diamond, Move Deleter ti Canalave City ló kàn. Nínú HeartGold, Blackthorn City ni ẹ máa lọ. Ẹ gba ohunkóhun tó bá wà lọ́wọ́ wọn kúrò, ẹ yan mẹ́fà, ẹ ó sì fi kálàmù DS fa ohun tó dà bíi kànnàkànnà, kí ẹ fi ta bọ́ọ̀lù lu wọn níbi tí wọ́n sá pamọ́ sí. Àkókò ń lọ lórí rẹ̀, ẹ má fi ṣeré.

Ẹkẹta ni Poké Transporter lórí 3DS. Àpótí kìíní, Box 1, nìkan ló ń wò nínú Black. Ohun tó bá wà ní Box 2 kò sí lójú rẹ̀. Ẹ kó Swampert síbẹ̀, ẹ fi géèmù pamọ́, ẹ ṣí Transporter. Gbogbo ohun tó bá wà nínú Box 1 ló máa kó, ó pọ̀ jù 30, nítorí náà kí ẹ kó èyí tí ẹ kò fẹ́ kó lọ kúrò níbẹ̀ kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀. Inú "Transport Box" nínú Bank ló ń já wọn sí. Bí àwọn ti tẹ́lẹ̀ bá ṣì wà nínú àpótí yẹn, kò ní gba tuntun, ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń rò pé áàpù ti bàjẹ́. Ẹ ṣí Bank, ẹ kó wọn sínú àpótí míì, ẹ padà wá.

Ẹkẹrin, láti Bank sí HOME. Àpótí odindi ni Bank ń kó, kì í ṣe ẹyọ kọ̀ọ̀kan, nítorí náà ẹ tò wọ́n dáadáa. HOME máa fún yín ní kóòdù kan, ẹ ó tẹ̀ ẹ́ sínú Bank lórí 3DS. Kóòdù náà kì í pẹ́ kú, ẹ gbé ẹ̀rọ méjèèjì sún mọ́ra. Fún èyí, ẹ gbọ́dọ̀ san owó Premium ti HOME.

Láti HOME sí Violet kò le: ẹ ṣí HOME lórí Switch, ẹ yan Violet, ẹ gbé Swampert sínú àpótí rẹ̀. Orúkọ tí ẹ fún ara yín nínú Sapphire nígbà náà, pẹ̀lú nọ́ńbà ID yín, máa wà lára rẹ̀ síbẹ̀. Champion Ribbon, àmì ẹ̀yẹ tó bá gbà ní Hoenn tó jẹ́ ilẹ̀ inú Sapphire, náà kò ní bọ́. Kìlọ̀ kan fún àwọn ọmọ: ẹni tí kò tíì gba báàjì kankan nínú Violet, Pokémon ìpele 20 sísàlẹ̀ ló máa gbọ́ràn sí i lẹ́nu. Báàjì kọ̀ọ̀kan ń fi ìpele 5 kún un, báàjì 8 ló kó gbogbo wọn. Swampert ìpele 100 tó bá dé ọ̀dọ̀ ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ yóò kàn máa wò ó níran ni.

*Mo ra Emerald tòkunbọ̀ lọ́wọ́ ẹnì kan. Ó ń ṣiṣẹ́ dáadáa nínú DS Lite mi, mo ti gbá a parí. Àmọ́ nígbà tí mo ki Platinum bọ̀ ọ́, "Migrate" kò yọjú rárá. Ṣé DS mi ló bàjẹ́ ni?* — Ẹni tí inú ń bí, Ìbàdàn

Ẹ pẹ̀lẹ́ o. DS yín kò bàjẹ́, torí ihò kan náà lẹ fi gbá Emerald parí. Ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá ẹ ti ní National Dex nínú Platinum, nítorí ọ̀rọ̀ yẹn kì í yọjú láìsí i. Ẹ tún wò ó bóyá èdè méjèèjì bára mu. Tí ó bá jẹ́ pé ìgbà míì ó ń yọ, ìgbà míì kò yọ, ìdọ̀tí ni: ẹ fi òwú orí igi kékeré bọ ọtí isopropyl, kí ẹ fi nu irin wúrà wẹ́wẹ́ tó wà lẹ́nu kátíríìjì, kó gbẹ dáadáa kí ẹ tó ki í bọ̀ ọ́.

Tí gbogbo èyí bá ti pé tí kò sì yọjú, a jẹ́ pé ayédèrú ni wọ́n tà fún yín. Ìdí tó fi ń gbá tí kò sì lè kó ẹrù ni pé Platinum kì í gbá Emerald. Inú ibi tí Emerald ń fi nǹkan pamọ́ sí ló ń lọ tààrà láti ka ohun tó wà níbẹ̀. Àwọn tó ń ṣe ayédèrú kì í lo irú ibi ìpamọ́ kan náà, wọ́n á kàn tún géèmù náà ṣe kó lè bá tiwọn mu. Platinum á wo ibi tó mọ̀, kò ní bá ohun tó ń wá.

Bí ẹ ṣe máa mọ ojúlówó: ike Emerald gidi jẹ́ aláwọ̀ ewé tí ìmọ́lẹ̀ ń gba inú rẹ̀ kọjá. Ẹ gbé ẹnu rẹ̀ sókè, ẹ wo pátákó inú lókè àwọn irin wúrà, ẹ máa rí "Nintendo" tí wọ́n tẹ̀ síbẹ̀. Ẹ wá dojú ìwé iwájú rẹ̀ kọ iná láti ẹ̀gbẹ́. Nọ́ńbà méjì kékeré wà tí wọ́n tẹ̀ wọ inú ìwé náà, kò ní yíǹkì, ojiji rẹ̀ nìkan lẹ máa rí. Ayédèrú kì í sábà ní in.

Tí Pokémon inú rẹ̀ bá jọ yín lójú, ọgbọ́n kan wà. Ẹ wá Game Boy Advance tàbí SP méjì, wáyà tó so wọ́n pọ̀, àti Ruby, Sapphire tàbí Emerald ojúlówó. Ayédèrú sábà máa ń lè ṣe pàṣípààrọ̀ gba wáyà. Ẹ fi pààrọ̀ wọn sínú ojúlówó, kí ẹ sì gba ibẹ̀ lọ sí Pal Park. DS kò lè ṣe iṣẹ́ yìí, kò sí ihò wáyà lára rẹ̀. Ẹ tètè ṣe é, torí ayédèrú a máa dédé gbàgbé gbogbo ohun tí wọ́n fi pamọ́ sínú rẹ̀.

Ẹ má ṣe jẹ́ kí ọ̀rọ̀ "The internal battery has run dry" dẹ́rù bà yín nínú Ruby, Sapphire tàbí Emerald. Bátìrì CR1616 inú rẹ̀ ló kú. Aago inú géèmù á dúró, ṣùgbọ́n ohun tí ẹ fi pamọ́ kò ní sọnù, ẹ sì lè kó wọn lọ.

*Kátíríìjì Red àti Gold àtijọ́ wà nílé. Ṣé àwọn náà lè dé Switch? Ẹnì kan sọ fún mi pé wọ́n lè dé, ẹlòmíì ní irọ́ ni.* — Ẹ̀gbọ́n Kẹ́mi, Houston

Àwọn méjèèjì ló sọ òótọ́ ìlàjì. Èyí tó wà nínú kátíríìjì kò lè kúrò níbẹ̀. Gold lè bá Red ṣe pàṣípààrọ̀ gba wáyà nínú Time Capsule, bí ẹ̀dá náà bá wà lára 151 àkọ́kọ́ tí kò sì mọ ọgbọ́n ìjà tí Red kò mọ̀, ibẹ̀ lọ̀nà parí sí. Nígbà tí Ruby àti Sapphire jáde ní Japan ní 2002, wọ́n tún ara Pokémon kọ látìbẹ̀rẹ̀: wọ́n fi ìwà tó ń gbé agbára kan ga sí i kún un, wọ́n fi ẹ̀bùn àbímọ́ni kún un, agbára àbínibí tó máa ń wà láàárín 0 sí 15 wá di 0 sí 31. Aṣọ tuntun kò bá ara àtijọ́ mu, wọn ò sì ṣe afárá. (Ó dun èèyàn, torí Satoshi Tajiri tó dá Pokémon sílẹ̀ sọ pé wáyà tó so Game Boy méjì pọ̀ ló mú òun ro kòkòrò tó ń rìn lọ rìn bọ̀ lórí rẹ̀.) Ẹ tún mọ̀ pé bátìrì CR2025 inú Gold ló ń di ohun ìpamọ́ mú, tó bá kú, gbogbo rẹ̀ lọ nìyẹn.

Èyí tó lè dé Switch ni Red, Blue, Yellow, Gold, Silver tàbí Crystal tí wọ́n tà lórí 3DS láti 2016, tí ó bá ti wà lórí 3DS yín kí ìtajà tó ti ilẹ̀kùn. Transporter ń kó wọn láti Box 1 sínú Bank. Ibí yìí ló dùn, torí ẹ̀yin lẹ máa yan ìwà tí Pokémon náà máa ní. Ẹ wo "EXP POINTS" rẹ̀ kí ó tó kúrò. Transporter máa fi 25 pín in, ohun tó bá ṣẹ́ kù ni ìwà rẹ̀. Kò tiẹ̀ gba ìṣirò: nọ́ńbà méjì tó kẹ́yìn ni kí ẹ wò. Tó bá parí sí 03, 28, 53 tàbí 78, Adamant ni. 10, 35, 60 tàbí 85 jẹ́ Timid. 13, 38, 63 tàbí 88 jẹ́ Jolly. 15, 40, 65 tàbí 90 jẹ́ Modest. Ẹ máa bá àwọn kékeré jà títí yóò fi bọ́ sí èyí tí ẹ fẹ́.

Ìpele 100 ló máa ń tú àṣírí àwọn tí kò mọ èyí. Mewtwo ìpele 100 ní 1,250,000, kò sí ohun tó ṣẹ́ kù, Hardy ni yóò jẹ́, ìwà tí kò gbè é níbì kankan. Gengar àti Alakazam ìpele 100 ní 1,059,860. 10 ló ṣẹ́ kù, Timid ni, ohun tí ẹni tó ń lo àwọn méjèèjì ń wá gan-an. Nítorí náà kí ẹ gbé Mewtwo lọ kó tó dé 100, kí ẹ sì jẹ́ kí Gengar dé e.

Ọ̀rọ̀ Mew: èyí tí ẹ fi ẹ̀tàn inú géèmù mú kò ní kọjá. Èyí tí orúkọ olówó rẹ̀ jẹ́ GF, tí ID rẹ̀ sì jẹ́ 22796, nìkan ni wọ́n ń gbà.

*Mo ra 3DS aláìlábòsí, ó mọ́ tónítóní, àmọ́ n kò rí Bank lórí rẹ̀, ìtajà orí rẹ̀ kò sì jẹ́ kí n gbà á. Ṣé mo ti pàdánù?* — T.A., Manchester

Nintendo ti ìtajà 3DS ní 27 March 2023. Ẹni tó bá ti gba Bank àti Poké Transporter ṣáájú ọjọ́ yẹn lè tún gbà á padà. Ẹni tí kò gbà á rí kò ní ọ̀nà mọ́ ní tààrà. Láti ìgbà yẹn, Bank tí wọ́n ń san owó lórí rẹ̀ lọ́dọọdún tẹ́lẹ̀ ti di ọ̀fẹ́, wọ́n sì fi í sílẹ̀ nígbà tí wọ́n pa eré orí íntánẹ́ẹ̀tì 3DS ní April 2024. Àmọ́ wọ́n ti sọ pé ó lè dópin lọ́jọ́ kan. Ohun tí a máa sọ fún ẹnikẹ́ni tó ní Pokémon nínú Bank lónìí ni pé kó kó wọn sí HOME lọ́sẹ̀ yìí. Ohun tó bá wà nínú Bank lọ́jọ́ tí wọ́n bá pa á, ibẹ̀ ló máa há sí.

Ní tiyín, ọ̀nà méjì ló kù. Tí ẹ bá máa ra 3DS míì, kí ẹni tó ń tà á fi àmì áàpù méjèèjì hàn yín lójú iná, Bank *àti* Poké Transporter, torí Bank nìkan kò lè wo inú Black. Kí ẹ sì sọ fún un pé kó má pa ohun inú ẹ̀rọ náà rẹ́ kó tó gbé e fún yín. Ọ̀pọ̀ olótìítọ́ ló ń fi ìmọ́tótó ba ọjà ara wọn jẹ́.

Ọ̀nà kejì kò náni lówó: ẹ wá ẹni tí ẹ fọkàn tán tó ní Bank. Káàdì Black yín máa ṣiṣẹ́ nínú 3DS rẹ̀. Òun máa kó wọn gba Bank tirẹ̀ dé HOME tirẹ̀, yóò wá fi wọ́n ṣe pàṣípààrọ̀ pẹ̀lú yín, ọ̀kan sí ọ̀kan, gba HOME orí fóònù. Kí ẹ ní Pokémon tí kò já mọ́ nǹkan púpọ̀ nílẹ̀ láti fi dí àyè wọn.

*Mo ti gbé HOME sórí fóònù mọ́mì mi, mo rí àwọn Pokémon mi níbẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí ibi tí mo ti lè gbé wọn sínú Scarlet. Ọmọ ọdún 13 ni mí.* — Fẹ́mi, Abẹ́òkúta

Fẹ́mi, kò sí ibẹ̀ lóòótọ́, ojú rẹ kò fọ́. HOME orí fóònù wà fún wíwò, fún pàṣípààrọ̀ pẹ̀lú àwọn èèyàn kárí ayé àti fún gbígba láti Pokémon GO, géèmù Pokémon orí fóònù. HOME orí Switch ló ń gbé wọn wọ inú géèmù, òun náà kò sì lè ṣe pàṣípààrọ̀ yẹn. Gba HOME sórí Switch, ọ̀fẹ́ ni, kí o fi Nintendo Account kan náà wọlé sí méjèèjì. Tó bá jẹ́ ti mọ́mì lo fi wọ ti fóònù, tí o wá fi tìrẹ wọ ti Switch, òfìfo ni wàá bá. O kò nílò láti san Nintendo Switch Online fún èyí, íntánẹ́ẹ̀tì nìkan ló tó.

*Bisharp mi dé Scarlet láti Sword, gbogbo ọgbọ́n ìjà tí mo kọ́ ọ ti lọ! Ṣé mo lè dá a padà?* — Olùkàwé kan, Ìlọrin

Wọn ò lọ. Láti May 2022, HOME ń tọ́jú ọgbọ́n ìjà Pokémon kan náà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ fún géèmù kọ̀ọ̀kan. Nígbà tó kọ́kọ́ wọ Scarlet, ohun tí irú ìpele rẹ̀ máa ń mọ̀ ní Scarlet ni wọ́n fún un. Ẹ dá a padà sí Sword, ẹ máa bá gbogbo èyí tí ẹ kọ́ ọ níbẹ̀.

Àmọ́ ẹ má jẹ́ kó di Kingambit ní Scarlet tí ẹ bá ṣì fẹ́ kó padà. Sword kò mọ Kingambit. Ẹ̀dá tí géèmù kan kò mọ̀ kò lè wọ inú rẹ̀, bó ti wù kó ti gbébẹ̀ rí. Let's Go Pikachu àti Let's Go Eevee tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ: ẹ̀dá tó ti inú wọn wá HOME lè padà, ṣùgbọ́n tó bá ti fẹsẹ̀ kan Sword, ilẹ̀kùn ti tì. Nítorí náà, kí ẹ tó gbé ohunkóhun, ẹ bi ara yín bóyá ibi tó ń lọ mọ̀ ọ́n. Furfrou, fún àpẹẹrẹ, kò sí nínú Sword, kò sí nínú Brilliant Diamond (Diamond tí wọ́n tún ṣe fún Switch), kò sí nínú Scarlet. Tó bá jẹ́ àwọn géèmù wọ̀nyí nìkan lẹ ní, inú HOME ló ti máa jókòó wòran.

*Kí ni Pokémon GO ń dì lọ́wọ́ fún wa nínú gbogbo èyí?* — S.O., Èkó

Inú ètò (settings) GO lẹ ti máa kó Pokémon lọ sí HOME lórí fóònù, kò sí ìpadàbọ̀. Agbára kan wà tó ń gbé wọn, ó máa ń tán, ó sì máa ń gba ọjọ́ 7 kó tó kún padà, àfi tí ẹ bá fi PokéCoins tì í. Èyí tó ń dán (shiny) àti àwọn ọlọ́lá (legendary) ń jẹ agbára náà gan-an, ẹ fi wọ́n ṣáájú nígbà tó bá kún. Àwọn Pokémon tí GO ń pè ní Shadow kò lè lọ.

Ohun tí àwọn tó ń fi Pokémon jagun gbọ́dọ̀ mọ̀ ni bí agbára àbínibí tí GO ń fi ìràwọ̀ díwọ̀n ṣe ń yí padà. Wọ́n á sọ nọ́ńbà agbára náà nínú GO di ìlọ́po méjì, wọ́n á fi ọ̀kan kún un: 15 di 31, 14 di 29, 0 di 1. Attack kan ṣoṣo ti GO ló ń di Attack àti Special Attack, Defense náà di méjì bẹ́ẹ̀. Àmọ́ Speed kò sí nínú GO, nítorí náà oríire ló ń pinnu rẹ̀. Pokémon tó pé 15/15/15 lè dé HOME pẹ̀lú Speed tó lọ́ra bí ìgbín. Bákan náà, nítorí pé gbogbo nọ́ńbà náà kò ṣeé fi méjì pín, kò sí èyí tó lè ní Attack 0 nínú wọn, ẹni tó ń wá irú ìyẹn, kó wá a níbòmíràn.

*Ṣé dandan ni kí n máa san Premium HOME títí láé?* — Ìyá Ìbejì, Òṣogbo

Rárá o, Ìyá Ìbejì. Ti ọ̀fẹ́ ń gba Pokémon 30, Premium ń gba 6,000. Owó tí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ ní Amẹ́ríkà ni $2.99 fún oṣù kan, $15.99 fún ọdún kan. Ẹ san ti oṣù kan, ẹ kó gbogbo ohun inú Bank wá sí HOME, kí ẹ wá pín wọn sínú géèmù Switch yín kí oṣù tó pé. Àpótí 32 ló wà nínú Scarlet, 30 nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan, ìyẹn 960. Èyí tó bá ṣẹ́ kù lẹ́yìn 30 kò ní sọnù nígbà tí owó bá tán, ẹ kàn ní láti san án padà kí ẹ tó lè fọwọ́ kàn wọ́n.

*Kí ló dé tí Spinda mi nìkan fi kọ̀ láti kúrò nínú Brilliant Diamond?* — Olùkàwé kan, Cotonou

Àmì tó wà lójú Spinda kì í ṣe àwòrán tí ẹnì kan yà sílẹ̀. Nọ́ńbà gígùn kan tí wọ́n bí mọ́ ọn ló ń pinnu ibi tí àmì mẹ́rẹ̀ẹ̀rin máa bọ́ sí, ìdí nìyí tí irú rẹ̀ fi lé ní bílíọ̀nù 4. Brilliant Diamond àti Shining Pearl ń ka nọ́ńbà náà lódì, láti ẹ̀yìn wá síwájú. Bí wọ́n bá jẹ́ kó kọjá, ojú míì ló máa gbé dé HOME, nítorí náà wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́ òun nìkan, ní àlọ àti ní àbọ̀.